Aṣọ Akọni ní Ilẹ̀ Hyrule

Àwọn àgbà a máa wí pé aṣọ là ń kí kí a tó kí ènìyàn. Òtítọ́ ni ọ̀rọ̀ náà, ṣùgbọ́n ẹni tí ọyẹ́ bá ká mọ́ oko láìní aṣọ ìbora mọ̀ pé ọ̀tọ̀ ni aṣọ tí a fi ń gba kíkí, ọ̀tọ̀ sì ni èyí tí a fi ń gba ẹ̀mí là. Kò sí ẹni tí ń wọ agbádá gun ọ̀pẹ. Bẹ́ẹ̀ ni kò sí ọkọ ìyàwó tí ń wọ ẹ̀wù oko lọ sí ibi ìdána. Iṣẹ́ tí ó wà níwájú ẹni ni a ń yan aṣọ fún. Ọgbọ́n yìí kan náà ni àwọn ará Japan kan fi ṣe ìpìlẹ̀ eré orí ẹ̀rọ kan tí ọ̀pọ̀ ọmọdé àti àgbà ti ṣe káàkiri ayé.

Orúkọ eré náà ni The Legend of Zelda: Breath of the Wild. Ilé-iṣẹ́ Nintendo ní ìlú Kyoto ni ó ṣe é, ọjọ́ kẹta oṣù kẹta ọdún 2017 ni ó sì jáde. Ilé-iṣẹ́ yìí kì í ṣe ọmọ àná. Ọdún 1889 ni a dá a sílẹ̀, káàdì ìtayò ni ó sì ń ṣe nígbà náà, nígbà tí kò tíì sí ẹni tí ó mọ ohun tí ń jẹ́ eré orí ẹ̀rọ. Ilẹ̀ inú eré náà, tí a ń pè ní Hyrule, tẹ́ sílẹ̀ gbayawu. Kò sí ẹni tí yóò fi ọwọ́ mú ẹni tí ń ṣeré náà pé ọ̀nà kan ṣoṣo báyìí ni kí ó tọ̀. Bí ó bá rí òkè lọ́ọ̀ọ́kán, ó lè gùn ún; bí ó bá rí odò, ó lè lúwẹ̀ẹ́ kọjá; bí ó bá sì fẹ́ lọ sí ibi tí yóò ti kú, kò sí oníbodè tí yóò dá a padà. Aṣọ ọrùn akọni ni ó máa ń sọ bóyá ìrìn náà yóò já sí ayọ̀ tàbí sí ikú.

Akọni náà ni ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí ń jẹ́ Link. Wọ́n ṣá a lọ́gbẹ́ lójú ogun, ọgọ́rùn-ún ọdún ni ó sì fi sùn nínú ihò kan kí ara rẹ̀ tó dá. Nígbà tí ó jí, kò rántí ohunkóhun nípa ìgbésí ayé rẹ̀, kò sì sí aṣọ lára rẹ̀ ju péńpé kan lọ. Kí ó tó dé ẹnu ihò náà, ó bá àpótí méjì: ògbólógbòó ẹ̀wù wà nínú ọ̀kan, ṣòkòtò tí ó ti gbó wà nínú èkejì. Ohun tí ó pa ni lẹ́rìn-ín ni pé eré náà kò fi ipá mú un wọ̀ wọ́n. Ẹni tí ó bá fẹ́ lè jáde síta bẹ́ẹ̀, kí oòrùn ilẹ̀ Hyrule máa pa á ní ẹ̀yìn. Nǹkan kò ní ṣe é, títí di ìgbà tí ọ̀tá àkọ́kọ́ bá fi kùmọ̀ lù ú.

Kì í ṣe inú eré yìí ni aṣọ Link ti kọ́kọ́ di ohun tí a ń gbèrò lé lórí. Nínú eré àkọ́kọ́ tí a fún ní orúkọ Zelda, tí ó jáde ní ọdún 1986, ẹ̀wù aláwọ̀ ewé ni Link ń wọ̀. Bí ó bá ra òrùka búlúù, àwọ̀ ẹ̀wù náà a yí padà, ìyà tí ọ̀tá lè fi jẹ ẹ́ a sì dín sí ìdajì. Ní ọdún 1998, nínú Ocarina of Time, ẹ̀wù pupa wà fún ibi tí ó gbóná bí iná, ẹ̀wù búlúù sì wà fún ìsàlẹ̀ omi. Ṣùgbọ́n ẹ̀wù mẹ́ta péré kò lè da ènìyàn láàmú. Nínú eré ti ọdún 2017, ọ̀pọ̀lọpọ̀ aṣọ ni ó kún àpò, yíyàn sì di iṣẹ́.

Wíwọ aṣọ náà kò nira. A ó tẹ bọ́tìnnì tí a ya àmì ìròpọ̀ sí, àpò ẹrù akọni yóò sì ṣí sílẹ̀ lójú ẹ̀rọ. A ó wá ojú ewé tí aṣọ wà, a ó mú èyí tí a fẹ́, a ó sì tẹ A. Ibi mẹ́ta ni a lè fi aṣọ sí: orí, àyà àti ẹsẹ̀. Fìlà kan, ẹ̀wù kan, ṣòkòtò kan. Kò sí kóńbó lórí agbádá. Bí àpò bá wà ní ṣíṣí, ohun gbogbo nínú ayé eré náà a dúró jẹ́ẹ́, bí ọ̀tá tilẹ̀ ti na ọ̀kọ̀ sókè. Akọni lè bọ́ ṣòkòtò kan kí ó sì wọ òmíràn láàárín ogun, kí ọ̀kọ̀ náà tó balẹ̀. Ó dára bẹ́ẹ̀, nítorí àléébù kan wà níbẹ̀ tí ó tó láti bínú sí: bọ́tìnnì wà tí a fi ń pààrọ̀ idà àti asà kíákíá láìṣí àpò, ṣùgbọ́n kò sí irú rẹ̀ fún aṣọ. Ẹni tí ó bá fẹ́ pààrọ̀ láti orí dé ẹsẹ̀ gbọ́dọ̀ mú wọn lọ́kọ̀ọ̀kan, ní ìgbà mẹ́ta, ní gbogbo ìgbà. Ẹni tí ó ti ṣe eré náà pẹ́ ti tú àpò yẹn ju bí ó ti yọ idà lọ.

Ohun kan tún wà tí ó yẹ kí ẹni tí ń bẹ̀rẹ̀ mọ̀ ní kùtùkùtù. Idà inú eré yìí a máa fọ́, ọrun a máa dá, asà a máa di àfọ́kù. Kò sí ìgbà tí ènìyàn kì í wá òmíràn. Aṣọ ní tirẹ̀ kì í ya, kì í ṣá, kì í rà. Kò sí alágbàfọ̀ tí yóò gba èyí gbọ́, ṣùgbọ́n bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe é. Nítorí náà, idà dà bí àkàrà tí a rà tí a sì jẹ tán. Aṣọ dà bí ilẹ̀ tí a rà. Owó ilẹ̀ Hyrule, tí a ń pè ní Rupee, kì í pọ̀ lọ́wọ́ akọni ní ìbẹ̀rẹ̀, ọlọ́gbọ́n a sì mọ ibi tí yóò ná an sí.

Òtútù ni olùkọ́ àkọ́kọ́. Ní ibi gíga tí eré náà ti bẹ̀rẹ̀, òkè kan wà tí a ń pè ní Mount Hylia, yìnyín sì bo orí rẹ̀. Bí Link bá ń gùn ún pẹ̀lú ògbólógbòó ẹ̀wù rẹ̀, òṣùwọ̀n kékeré kan ní igun ojú ẹ̀rọ yóò yí sí apá òtútù, akọni yóò bẹ̀rẹ̀ sí gbọ̀n, àwọn ọkàn pupa tí ó dúró fún ẹ̀mí rẹ̀ yóò sì máa dín. Oríṣiríṣi ọ̀nà ni ènìyàn lè gbà yọ. Ó lè tan ògùṣọ̀ kí ó sì gbé e lọ́wọ́, ṣùgbọ́n ọwọ́ tí ó di ògùṣọ̀ mú kò lè di idà mú. Ó lè se ata kí ó sì jẹ ẹ́, ara rẹ̀ yóò sì gbóná fún ìṣẹ́jú mélòó kan, gẹ́gẹ́ bí ẹni tí ó jẹ ọbẹ̀ ata lówùúrọ̀ ọyẹ́; ṣùgbọ́n bí oúnjẹ náà bá dà, òtútù ń dúró dè é. Bàbá àgbà kan sì wà níbẹ̀ tí ó ti gbàgbé bí a ti ń se oúnjẹ kan tí ó fẹ́ràn. Ata àti ẹran ni ó rántí. Ẹja ni ó gbàgbé. Bí Link bá sè é, tí ó sì gbé e wá fún un, bàbá náà yóò fi ẹ̀wù tí ó nípọn kan ta á lọ́rẹ. Bí ó bá ti wọ̀ ọ́, ìgbọ̀nrìrì dópin, ọwọ́ méjèèjì sì ṣófo fún iṣẹ́.

Ṣùgbọ́n ẹ̀wù òtútù yìí kò nípọn fún idà. Níhìn-ín ni ọ̀rọ̀ aṣọ ti bẹ̀rẹ̀ sí í le. Aṣọ kọ̀ọ̀kan ní iye ìyà tí ó lè gbà fún ẹni tí ó wọ̀ ọ́. Iye náà ni a ó yọ kúrò nínú agbára ìlù ọ̀tá kí a tó ṣírò ohun tí ó kù fún akọni láti jẹ. Aṣọ ológun tí wọ́n ń tà ní ìletò Hateno le bí irin, ó sì wúlò lójú ogun, ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá wọ̀ ọ́ lọ sórí yìnyín, òtútù ni yóò pa á. Aṣọ ajẹ́bíidán tí wọ́n ń tà ní Kakariko a máa jẹ́ kí ẹsẹ̀ akọni má ṣe dún, tí yóò fi lè rìn débi ẹ̀yìn ọ̀tá tàbí kí ó fi ọwọ́ mú alángbá. Rupee 1,800 ni mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, wọn kò sì le tó ti ológun. Níwọ̀n bí ó ti jẹ́ pé ibi mẹ́ta péré ni aṣọ lè wà lára, gbogbo ohun tí a bá gbé wọ̀ ni ó ti lé òmíràn kúrò.

Ẹni tí ó bá mọ ìṣirò a máa rí àyè níbẹ̀. Ní abúlé àwọn Rito, àwọn ènìyàn tí wọ́n ní ìyẹ́ bí ẹyẹ, wọ́n ń ta aṣọ tí wọ́n fi ìyẹ́ ṣe: ẹ̀wù jẹ́ Rupee 500, ohun orí 650, ṣòkòtò 1,000. Àlejò tí ó bá rí òkè Hebra lókèèrè, tí ó rí i bí ó ti funfun láti òkè dé ìsàlẹ̀, yóò rò pé kò sí ohun tí ó kàn ju kí òun ra mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ìpele méjì ni òtútù ilẹ̀ náà ní, ọ̀kọ̀ọ̀kan nínú àwọn aṣọ yìí sì ń gba ìpele kan. Méjì ti tó. Ẹni tí ó bá ra ẹ̀wù àti ohun orí yóò ná Rupee 1,150, ẹsẹ̀ rẹ̀ yóò sì ṣófo fún ṣòkòtò mìíràn tí ó le jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ẹni tí kò bá ṣírò yóò ná 2,150, kò sì ní rí èrè kankan lórí 1,000 tí ó fi lé e bí kò ṣe pé aṣọ rẹ̀ bára mu.

Ooru ní tirẹ̀ ní ẹ̀tàn nínú. Aṣálẹ̀ Gerudo a máa jó ènìyàn ní ọ̀sán bí ààrò, ṣùgbọ́n bí oòrùn bá ti wọ̀, òtútù a dé, akọni tí ó sì wọ aṣọ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ nítorí oòrùn yóò bẹ̀rẹ̀ sí gbọ̀n nínú iyanrìn kan náà. Ìgbà méjì ni ó gbọ́dọ̀ pààrọ̀ aṣọ kí ilẹ̀ ọjọ́ kan tó mọ́. Ẹ̀tàn kejì ju èyí lọ. Ọ̀pọ̀ ènìyàn a máa wọ aṣọ aṣálẹ̀ lọ sí Death Mountain, òkè oníná tí àwọn Goron ń gbé, wọ́n a rò pé ooru ni ooru ń jẹ́. Kò pẹ́ tí Link yóò fi gbaná. Ooru oòrùn yàtọ̀ sí iná, aṣọ tí ó sì ń gba ti àkọ́kọ́ kò mọ nǹkan kan nípa ti èkejì. Aṣọ òkúta tí àwọn Goron fúnra wọn ń tà ni ó lè gbà á, tàbí oògùn tí a fi alángbá àti kòkòrò sè, tí agbára rẹ̀ ní àkókò. Kódà, ọrun onígi àti asà onígi tí ó wà lẹ́yìn akọni yóò gbaná níbẹ̀, bí aṣọ rẹ̀ ti wù kí ó dára tó.

Ní ìlú Gerudo, aṣọ kì í ṣe nítorí ojú ọjọ́ rárá. Obìnrin nìkan ni a ń gbà láàyè nínú ìlú náà. Bí ọkùnrin bá fi ẹsẹ̀ kan kan ẹnubodè, àwọn ẹ̀ṣọ́ obìnrin yóò tì í síta. Link sì gbọ́dọ̀ wọlé, nítorí ọ̀rọ̀ tí ó fẹ́ bá olórí wọn sọ. Ó gbọ́ pé ọkùnrin kan wà tí ó mọ ọgbọ́n àtiwọlé. Ní ọjà tí ó wà lẹ́bàá omi aṣálẹ̀ náà, lórí òrùlé ilé kan, ó bá oníṣòwò tí ó ta aṣọ obìnrin fún un ní Rupee 600: ìbòjú, ẹ̀wù àti ṣòkòtò fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́. Aṣọ wọ̀nyí kò le, ṣùgbọ́n wọ́n ṣí ìlẹ̀kùn tí idà kò lè ṣí. Bí ó bá sì gbàgbé ara rẹ̀ tí ó bọ́ ọ̀kan nínú wọn láàárín ọjà, ẹ̀ṣọ́ yóò ké, ìta ni yóò sì bá ara rẹ̀.

Nípa òjò, ọ̀rọ̀ kò pọ̀. Bí ààrá bá ń sán, ohun ìjà onírin ni mànàmáná ń wá. Nígbà tí irin ẹ̀yìn akọni bá bẹ̀rẹ̀ sí ta páná, kí ó yára ṣí àpò kí ó sì kó o kúrò lára. Aṣọ rọ́bà wà pẹ̀lú, tí ń dín agbára mànàmáná kù.

Bí a bá ti ní aṣọ tán, a lè sọ wọ́n di alágbára ju bí a ti rà wọ́n lọ. Iwin obìnrin mẹ́rin ni wọ́n farapamọ́ sí ilẹ̀ Hyrule, olúkúlùkù nínú ìsun omi tí òdòdó ńlá kan ṣe ìdérí rẹ̀. Owó ni wọ́n ń gbà kí wọ́n tó jáde. Èyí tí a bá kọ́kọ́ bá pàdé yóò gba Rupee 100, èkejì 500, ẹ̀kẹta 1,000, ẹ̀kẹrin 10,000. Gbogbo rẹ̀ jẹ́ 11,600. Bí ọ̀kan bá ti jáde, aṣọ lè gun ìpele kan. Bí mẹ́rin bá jáde, ó lè gun mẹ́rin. Aṣọ ológun tí ó ń gba ìlù 4 nígbà tí a rà á yóò máa gba 28 nígbà tí ó bá dé ìpele kẹrin. Ṣùgbọ́n iwin kì í ṣiṣẹ́ lọ́fẹ̀ẹ́: ó ń béèrè ewé, kòkòrò, ìwo ẹranko àti ẹ̀yà ara àwọn ọ̀tá tí a pa, ohun tí aṣọ kọ̀ọ̀kan sì ń gbà yàtọ̀. Bí gbogbo aṣọ mẹ́ta tí ó jẹ́ ọmọ ìyá kan bá ti gun ìpele méjì, wọ́n a fún ẹni tí ó wọ̀ wọ́n pa pọ̀ ní agbára kan lọ́fẹ̀ẹ́. Ti àwọn Rito kì í jẹ́ kí akọni di yìnyín mọ́. Ti ajẹ́bíidán a máa mú un sáré ju ti tẹ́lẹ̀ lọ lóru. Ìyẹn ni ìdí tí ẹni tí ó ra méjì nínú aṣọ ìyẹ́ ní ìjọ́sí fi lè padà lọ ra ẹ̀kẹta, kò sì ṣe àṣìṣe nígbà méjèèjì.

Ilé aláró kan wà ní Hateno fún ẹni tí ọ̀ṣọ́ ń wù. Rupee 20 àti ohun èlò márùn-ún tí ó ní àwọ̀ tí a fẹ́ ni aláró náà ń gbà. Ata tàbí èso ápù yóò mú pupa wá. Àwọ̀ 15 ni ó wà. Kò fi nǹkan kan kún agbára aṣọ, kì í sì í ṣe gbogbo aṣọ ni ó ń gba aró, ṣùgbọ́n ìwọ̀nba ọmọ ni yóò dé ibẹ̀ tí kò ní rì í.

Aṣọ kan wà tí kò ṣeé fi wé àwọn yòókù. Nígbà tí Link dé ìlú àwọn Zora, àwọn ènìyàn inú omi, òjò kò dá níbẹ̀, ìlú sì fẹ́rẹ̀ẹ́ bá a lọ. Ọba Dorephan nílò ẹni tí yóò wá ọfà mànàmáná 20 láti orí òkè kan, ó sì kó ẹ̀wù kan jáde fún un. Mipha, ọmọbìnrin ọba, ni ó fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣe ẹ̀wù náà. Àṣà wọn ni pé ọmọbìnrin ọba a máa ṣe irú rẹ̀ fún ẹni tí ó fẹ́ fi ṣe ọkọ. Ṣùgbọ́n Mipha ti kú sínú ogun ní ọgọ́rùn-ún ọdún sẹ́yìn, láìfi ẹ̀wù náà lé ẹnikẹ́ni lọ́wọ́.

Àgbà kan tí ń jẹ́ Muzu wà ní ààfin, òun ni ó mọ ibi tí ọfà wà, kò sì fẹ́ràn Link. Nígbà tí àbúrò Mipha sọ pé Link ni ẹ̀gbọ́n òun fẹ́, inú bí bàbá náà. Ó ní irọ́ ni. Kí wọ́n mú ẹ̀rí wá. Ní ibi yìí, kò sí idà tí a lè yọ, kò sì sí ọ̀rọ̀ tí a lè fi bẹ̀ ẹ́. Ẹni tí ń ṣeré náà ni yóò tẹ bọ́tìnnì tí ó ti tẹ̀ ní àìmọye ìgbà nítorí òtútù àti ooru, yóò wá ojú ewé aṣọ, yóò mú ẹ̀wù Zora, yóò sì tẹ A. Ẹ̀wù náà bá ara Link mu rẹ́gí, bí ẹni pé a wọn ọ̀n lára rẹ̀ ní àná. Muzu wò ó, kò lè jiyàn mọ́, ó sì sọ ibi tí ọfà wà.

Ẹni tí ó bá wọ ẹ̀wù yìí lè lúwẹ̀ẹ́ gòkè nínú omi tí ń dà láti orí àpáta, bí ẹja tí ń lọ sí orísun odò. Ọ̀nà yẹn ni Link gbà dé orí òkè náà. Níbẹ̀ ni ẹranko abàmì kan wà, olórí kìnnìún, ẹlẹ́sẹ̀ ẹṣin, tí ó lè fi ìlù kan pa á, ẹ̀wù Mipha kò sì le tó láti gbà á. Nítorí náà, nígbà tí ó gúnlẹ̀ sẹ́yìn àpáta, tí omi ṣì ń kán lára rẹ̀, ẹni tí ń ṣeré náà tún ṣí àpò, ó bọ́ ẹ̀wù tí Mipha ṣe, ó gbé aṣọ ajẹ́bíidán wọ̀, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí ṣa ọfà ní ìdákẹ́jẹ́ láàárín koríko.